Òkúta Tí Wọ́n Fi Rán Mi, Mo Fi Ń Tẹ Ìwé Irọ́

Ẹ má ṣàánú mi. Mo kọ́kọ́ sọ ọ́ báyìí torí mo mọ bí àwọn tó ń jẹ́wọ́ nínú ìwé ìròyìn ṣe máa ń ṣe é: wọ́n á sunkún díẹ̀, wọ́n á ní iṣẹ́ èṣù ni. Èṣù ò mọ nǹkan kan nínú ọ̀rọ̀ tèmi. Ọwọ́ ara mi ni mo fi ṣe é, lọ́sàn-án gangan, inú mi sì ń dùn bí mo ṣe ń ṣe é.

Orrin Pruett lorúkọ mi. Bí ẹ bá fẹ́ràn ìtàn àwọn ìgárá ayé àtijọ́, àwọn tó ń gun ẹṣin ja báńkì lólè, ẹ ti ka iṣẹ́ mi rí. Ọdún méjìlélógún ni mo fi kọ ọ́. Mo sọ ọ̀bàyéjẹ́ di akọni, mo sọ apànìyàn di ọmọlúàbí tí ayé ṣẹ̀, àwọn ọmọdé sì ń fi orúkọ wọn ṣeré lójú pópó. Bí mo bá rí orúkọ mi lára ìwé báyìí, mo máa ń yí ìwé náà dojú dé.

Texas ni wọ́n ti bí mi, ṣùgbọ́n ìlú Carlin ní New Mexico ni èmi àti Hester, ìyàwó mi, fìdí kalẹ̀ sí, torí ibẹ̀ ni Rufe Tansill ti ṣọṣẹ́ jù. Tansill Ọlọ́wọ́-Òsì! Ẹni tó ń gba ti olówó fún opó, tí kò yìnbọn fún ènìyàn láti ẹ̀yìn rí láyé rẹ̀. Èmi ni mo kọ gbólóhùn yẹn. Ẹnikẹ́ni kò sọ ọ́ fún mi. Ó kàn dùn létí ni.

Ohun kan ṣoṣo ni mi ò ní: ibojì rẹ̀. Ọdún 1884 ni Tansill pòórá, kò sì sẹ́ni tó mọ ibi tó kú sí.

Floyd Buckner ló mú mi débẹ̀. Òun ló ni ilé epo àti ilé oúnjẹ tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ títì ọ̀dà, ẹni tó jẹ́ pé bó bá rí kànga gbígbẹ, á wá ohun tó máa tà níbẹ̀. Lọ́jọ́ kan ní ọdún 1935, ó wá bá mi nílé.

"Ọ̀jọ̀gbọ́n," bó ṣe máa ń pè mí nìyẹn, kì í sì í ṣe pé ó ń yẹ́ mi sí, "òkìtì òkúta kan wà lẹ́yìn ilé epo mi. Àtìgbà tí mo ti délùú yìí ló ti wà níbẹ̀. O ò rò pé òkú kan ló wà lábẹ́ ẹ̀?"

Mo tẹ̀ lé e lọ. Òkìtì náà ga tó ìbàdí mi, ó wà lábẹ́ igi kékeré kan ní ẹsẹ̀ òkè. Níbi tí wọ́n ti bí mi, bí ènìyàn bá kú sínú pápá, wọ́n á sin ín, wọ́n á sì kó òkúta lé e kí ìkookò má bàa hú u. Lójú tèmi, òkìtì òkúta, ibojì ni. Àwọn tó ni ilẹ̀ náà kí àwa tó dé ń gbé ní abúlé La Jara, kò ju máìlì mẹ́fà lọ. Mi ò yà sọ́dọ̀ wọn. Mi ò bi ẹnikẹ́ni.

"Tansill ni," mo wí.

"Ó dá ẹ lójú?"

"Ta ló tún lè jẹ́?"

Floyd rẹ́rìn-ín, ó gbá mi lẹ́jìká. "Ọ̀rọ̀ ti parí nìyẹn."

Oṣù kan lẹ́yìn náà, ó ti jáde nínú ìwé ìròyìn ní New York: IBOJÌ TANSILL DI RÍRÍ. Oṣù méjì, mọ́tò ti ń yà níbẹ̀. Floyd fi wáyà ká òkìtì náà, ó gbé pátákó sójú títì, ó ń ta kọfí, ó ń ta káàdì tí wọ́n ya àwòrán ìbọn sí. Gbogbo ẹni tó bá wá ló ń mú òkúta kan lọ sílé. Mo rí obìnrin kan láti Ohio tó kó mẹ́ta sínú báàgì. Ó ní ọ̀kan ti òun, ọ̀kan ti ọkọ òun, ọ̀kan ti pásítọ̀ òun. Èmi fúnra mi ni mo bá a yan èyí tó dára.

Òkìtì tó ga tó ìbàdí mi wá ń kéré sí i. Kò kàn mí.

Ní oṣù kẹta ọdún kejì, olóòtú mi kọ̀wé pé ilé ìtẹ̀wé kan fẹ́ odidi ìwé lórí Tansill, kí fọ́tò ibojì sì wà níwájú rẹ̀. Ìwé tí mo ti ń lálàá rẹ̀ láti ọdún méjìlélógún! Ṣùgbọ́n wọ́n fẹ́ ẹ̀rí: egungun ni o, irin bẹ́líìtì ni o, ohunkóhun. Mo mú ṣọ́bìrì, mo lọ síbẹ̀ láàárọ̀ ọjọ́ kan tí Floyd lọ sọ́jà.

Mo gbẹ́ títí, mi ò rí egungun. Lẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, lábẹ́ àwọn òkúta tó ya lé e, ni mo ti rí àgbélébùú onígi kan tí ẹsẹ̀ rẹ̀ ti jẹrà tó sì ti wó lulẹ̀. Wọ́n fi ọ̀bẹ gbẹ́ ọ̀rọ̀ sí i lára, ní èdè àwọn ará La Jara, èdè tí mo gbọ́ dáadáa:

NÍBÍ NI CASIMIRO LUJÁN KÚ SÍ. 1884. Ẹ BÁ A TỌRỌ ÀÁNÚ.

Mo jókòó sórí ilẹ̀. Kì í ṣe Tansill. Kì í tilẹ̀ ṣe ibojì.

Ènìyàn gidi ì bá gbé àgbélébùú náà dìde. Èmi wo ọ̀tún, mo wo òsì, mo fi àpò oúnjẹ ẹṣin wé e, mo sọ ọ́ sẹ́yìn ọkọ̀. Mi ò lè dáná sun ún, torí àwa tá à ń ṣe iṣẹ́ yìí, a kì í ju ohun àtijọ́ nù. Mo tì í sẹ́yìn àwọn táyà nínú gáréèjì mi. Lẹ́yìn náà mo wa ọkọ̀ lọ sí La Jara, kí n lè mọ̀ bóyá ẹnikẹ́ni ṣẹ́ kù nínú ìdílé Luján tó lè tú àṣírí mi.

Ọ̀kan kù. Perfecta Luján, opó, ẹni ọgọ́ta ọdún dín ọ̀kan. Ó dúró lẹ́nu ọ̀nà ilé alámọ̀ rẹ̀, ó gbé ọwọ́ lé orúnkún.

"Wọlé, ọmọ mi. Kí ni wàá dúró sínú oòrùn fún?"

"Màmá, ọ̀rọ̀ kan ni mo fẹ́ bi yín..."

"Ọ̀rọ̀ ò ní sá lọ. Kọfí ńkọ́?"

Bí wọ́n ṣe rí ní La Jara nìyẹn. Ọ̀tá tilẹ̀ ni ọ́, wọn ò ní béèrè ohun tó o bá wá títí wàá fi mu kọfí. Lẹ́yìn kọfí, ó gbé ẹ̀wà wá, ó gbé ẹran àgùntàn tí wọ́n fi ata pupa sè wá, pẹ̀lú búrẹ́dì pẹlẹbẹ tó ṣẹ̀ṣẹ̀ kúrò lórí iná. Mo jẹ ẹ́ tán. Mo fi búrẹ́dì nu àwo.

"Mò ń kọ ìtàn ayé àtijọ́, Màmá. Mo gbọ́ pé bàbá yín pàdé Rufe Tansill." Ẹnikẹ́ni kò sọ ọ́ fún mi; ọdún tó wà lára àgbélébùú ni mo fi méfò.

Ó gbé àwo òfìfo náà kúrò níwájú mi. "Ọmọ ọdún méje ni mí. Mo wà lórí òkè pẹ̀lú àwọn ọ̀dọ́ àgùntàn, mò ń wò wọ́n nísàlẹ̀. Ọkùnrin náà fẹsẹ̀ rìn dé, ẹṣin ẹ̀ ti kú. Ó ní kí bàbá mi fa ìbaaka lé òun lọ́wọ́. Bàbá mi ní, 'Ọ̀gá, ìbaaka yìí kì í ṣe tèmi, ti ẹni tó ni àgùntàn ni. Ṣùgbọ́n òùngbẹ ń gbẹ yín. Ẹ jẹ́ kí n bu omi fún yín.' Ó yíjú padà kó mú akèrègbè. Ibẹ̀ ló ti yìnbọn fún un láti ẹ̀yìn."

"Wọn ò kọ́kọ́ jà? Bàbá yín ò mú nǹkan kan lọ́wọ́?"

"Ó mú nǹkan lọ́wọ́. Akèrègbè omi."

Mo ń kọ ọ́ sílẹ̀.

"Inú ọgbà ṣọ́ọ̀ṣì wa níbí la sin ín sí," ó ń bá ọ̀rọ̀ lọ. "Ibi tí ẹ̀mí ti bọ́ lára ẹ̀ la ri àgbélébùú mọ́. Ikú òjijì ni, kò ráyè jẹ́wọ́ ẹ̀ṣẹ̀ fún fáda. Ìdí nìyẹn tó fi jẹ́ pé gbogbo ẹni tó bá kọjá, á gbé òkúta kan kalẹ̀, á gbàdúrà kan fún un. Òkúta kan, àdúrà kan. Ọdún méjìléláàádọ́ta la fi kó o jọ."

Obìnrin Ohio yẹn sọ sí mi lọ́kàn, pẹ̀lú àdúrà mẹ́ta nínú báàgì.

"Látìgbà tí wọ́n ti la títì tuntun, àwọn ọmọ wa ò gba ọ̀nà àtijọ́ tó kọjá lẹ́bàá ẹ̀ mọ́," Màmá Perfecta wí. "Èmi nìkan ni mò ń lọ, orúnkún mi sì ti kọ̀ láti ọdún mẹ́ta. Ìwọ tó o ní mọ́tò, ṣé o máa ń gba ibẹ̀?"

"Mo máa ń gba ibẹ̀, Màmá."

"Àgbélébùú bàbá mi, ṣé ó ṣì dúró?"

Ẹ wò ó, kò sẹ́ni tó tì mí. Mo lè sọ òótọ́. Gbogbo ohun tí mo máa pàdánù ò ju ìwé kan lọ. Ata rẹ̀ ṣì ń ta mí lẹ́nu.

"Ó dúró, Màmá," mo wí. "Ó dúró dáadáa."

Ó fi ọwọ́ méjèèjì di ọwọ́ mi mú. Omi ti dé ojú rẹ̀. Ó wọ́ ẹsẹ̀ jáde, ó ṣa òkúta pupa kan níwájú ilé, ó tó ẹyin tòlótòló, ó fi ìborùn rẹ̀ nu ún.

"Bá mi gbé e lé e. Kó o gbàdúrà kan pẹ̀lú ẹ. Ọjọ́ kẹtàlá oṣù kẹfà ni àyájọ́ ikú ẹ̀."

"Màá ṣe é, Màmá."

Mo gbé òkúta náà délé. Yàrá ìkọ̀wé mi máa ń gba afẹ́fẹ́ púpọ̀, àwọn ìwé mi sì ń fò kiri. Mo gbé òkúta náà lé wọn lórí, mo ní bí ọwọ́ mi bá dilẹ̀ màá gbé e lọ. Kò kúrò níbẹ̀.

Olóòtú tún kọ̀wé. "Ta ló pa Tansill?" ó béèrè. "Ibojì láìsí ẹni tó pa á, ta ló fẹ́ kà á? Wá ọ̀dàlẹ̀ kan fún wa."

Ọ̀dàlẹ̀! Mo rẹ́rìn-ín nígbà tí mo kà á, torí mo ti ní orúkọ kan nílẹ̀. Bí ará La Jara kankan bá sì jáde lọ́la láti dárúkọ Luján, wọ́n á ní ìbínú ìdílé ọ̀dàlẹ̀ lásán ni. Mo jókòó, mo kọ ọ́ lọ́jọ́ kan ṣoṣo: bí Tansill tí òùngbẹ ń gbẹ ṣe fọkàn tán darandaran kan tó ń jẹ́ Casimiro Luján, bí Luján ṣe fún un lómi mu, bó ṣe jẹ́ pé bó ti ń mumi lọ́wọ́ ni Luján fi ìka han àwọn tó ń dọdẹ rẹ̀. Omi náà wà níbẹ̀. Ìbaaka náà wà níbẹ̀. Gbogbo ohun tí ìyá yẹn fi ẹnu ara rẹ̀ sọ fún mi ni mo fi kọ ọ́, mo kàn yí ẹ̀yìn rẹ̀ sí iwájú.

Ó jẹ́ orí tó dára jù nínú ìwé náà. Mo ń kà á sókè fún ara mi. Ẹ ò rí i pé nǹkan ń ṣe mí?

Floyd kà á, ó lu tábìlì. "Ọ̀jọ̀gbọ́n, o pa á! Gé e kúrú fún mi, màá fi ṣe pátákó idẹ. A ó ṣí aṣọ lójú ẹ̀ níwájú èrò. Ọjọ́ kẹtàlá oṣù kẹfà, Sátidé ni, ilé ìwé á ti parí."

Ọjọ́ kẹtàlá. Mo gbọ́ ọ, mo gbé e mì.

Hester ló ń bá mi fi ẹ̀rọ táípù tẹ gbogbo ìwé mi. Lọ́sàn-án ọjọ́ kan, ní bí ọ̀sẹ̀ méjì sí ọjọ́ náà, ó wọ yàrá mi, àpò oúnjẹ ẹṣin náà wà lọ́wọ́ rẹ̀. Táyà mọ́tò ti jò, ló bá lọ wá òmíràn.

"Orrin, kí lèyí?"

"Ohun àtijọ́ kan ni."

"Mo mọ̀ ọ́n kà. Luján. Ọ̀sẹ̀ tó kọjá ni mo tẹ orúkọ yìí, o ní ọ̀dàlẹ̀ ni. Èwo ni ti 'ẹ bá a tọrọ àánú'?"

Mo sọ fún un. Mi ò mọ ìdí tí mo fi sọ ọ́. Bóyá mo rò pé á bá mi gbé e. Ó wo òkúta orí tábìlì.

"Èyí náà ńkọ́?"

"Ìyá yẹn ló fi rán mi."

Hester fa ọwọ́ sẹ́yìn bíi pé ó fẹ́ jó o. "O jẹun nílé ẹ̀?"

"Mo jẹun."

"Orrin Pruett, ìwà rẹ ń rí mi lára." Kò pariwo. "Lọ sọ fún Floyd lónìí. A kì í fi iná sórí òrùlé sùn. Bí o ò bá sọ ọ́ kí wọ́n tó ṣí aṣọ yẹn, mi ò mọ ohun tí èmi máa ṣe."

Mo lọ. Òótọ́ ni mo lọ. Floyd ń kun pátákó rẹ̀ ní ọ̀dà pupa.

"Floyd, bó bá ṣẹlẹ̀ pé kì í ṣe Tansill ló wà níbẹ̀ ńkọ́?"

Kò tilẹ̀ gbójú sókè. "Òkú ibẹ̀ bá ẹ sọ̀rọ̀ ni?"

"Rárá."

"Ǹjẹ́ kí ló wá kàn ẹ́? Ọ̀jọ̀gbọ́n, lọ sinmi. Iṣẹ́ ti pọ̀ jù fún ẹ."

Mo lọ sinmi. Nígbà tí Hester béèrè, mo ní mo ti sọ ọ́, pé Floyd máa tún un ṣe. Bí irọ́ bá ti mọ́ ènìyàn lára, kì í mọ ìyàwó kì í mọ ọ̀rẹ́.

Ọjọ́ náà pé. Mọ́tò tó ọgọ́rùn-ún ló wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ títì. Àwọn onífèrè ń fun fèrè, wọ́n ń yan ẹran, ọkùnrin kan múra bíi Tansill, ó ń fi ọwọ́ òsì yìn ìbọn ìṣeré sókè. Pátákó idẹ náà wà lórí ìpìlẹ̀ kékeré kan níbi tí òkìtì wà tẹ́lẹ̀, aṣọ bò ó. Òkúta tó kù níbẹ̀ ò kún apẹ̀rẹ̀. Hester jókòó sínú ọkọ̀ wa, kò sọ̀ kalẹ̀. Èmi wà lórí pèpéle, mo wọ fìlà tuntun.

Nígbà náà ni eruku gbéra lójú ọ̀nà àtijọ́. Ọkọ̀ akẹ́rù méjì. Àwọn ará La Jara bọ́ sílẹ̀, wọ́n tó ogójì, dúdú ni gbogbo wọn wọ̀, wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ ti Mísà dé. Kálukú wọn di òkúta kan mú. Ọkùnrin mẹ́rin gbé Màmá Perfecta lórí àga. Mo wá rí i bó ṣe jẹ́: irọ́ mi ló gbé wọn wá. Ó ti sọ fún wọn pé àlejò rere kan ní àgbélébùú ṣì dúró, pé ó yẹ kí ojú ti àwọn ọmọ ilé.

Àwọn èrò rò pé ara eré ni. Wọ́n pàtẹ́wọ́ fún wọn.

Màmá Perfecta rí mi lórí pèpéle. Ojú rẹ̀ là. "Òun nìyẹn! Ọmọ tí mo sọ fún yín nìyẹn! Ẹ wo èrò tó kó wá bá bàbá mi. Ọmọ mi, Ọlọ́run á bá mi san án fún ẹ o!"

Floyd tẹ̀ sí mi létí. "Kí ló ń sọ?"

"Ó ń kí wa," mo wí.

"Ìyá rere ni." Ó juwọ́ sí i, ó fa aṣọ náà. Ó fi ohùn gooro ka ohun tó wà níbẹ̀:

"NÍBÍ NI RUFE TANSILL SÙN, AKỌNI TÍ KÒ YÌNBỌN FÚN ẸNIKẸ́NI LÁTI Ẹ̀YÌN. CASIMIRO LUJÁN, DARANDARAN, LÓ TÀ Á."

Wọ́n pàtẹ́wọ́, fèrè dún. Ọ̀kan nínú àwọn tó gbé àga náà, Eliseo, ọmọ àbúrò ọkọ Màmá, tó ń ṣiṣẹ́ rélùwéè tó sì gbọ́ èdè wa, gbé ẹsẹ̀ àga tirẹ̀ sílẹ̀.

"Eliseo, kí ni wọ́n kà? Mo gbọ́ orúkọ bàbá mi."

"Ìyá, ẹ jẹ́ ká máa lọ sílé."

"Mo ní kí ni wọ́n kà?"

Ó kúnlẹ̀, ó sọ ọ́ sí i létí. Ó pẹ́ díẹ̀. Mò ń wo ẹnu rẹ̀ bó ṣe ń lọ, mo mọ ìlà tó dé.

Ì bá dára ká ní ó pariwo. Kò pariwo. Ó gbójú sókè sí mi, ó ní, "Àgbélébùú bàbá mi dà?"

Mo ṣí fìlà tuntun mi. Floyd ń fà mí láṣọ. Mo gbọ́ tí ilẹ̀kùn ọkọ̀ kan pa dé. Hester ń bọ̀ láàárín èrò, àpò oúnjẹ ẹṣin náà wà láyà rẹ̀. Ó tú u, ó gbé àgbélébùú náà lé ìyá náà lẹ́sẹ̀.

"Gáréèjì wa ló wà, Màmá," ó fi ìwọ̀nba èdè wọn tó gbọ́ sọ ọ́, kò yọ̀ mọ́ ọn lẹ́nu. "Ọkọ mi ló mú un. Ọ̀rọ̀ ibẹ̀ yẹn, èmi náà fi ọwọ́ mi tẹ̀ ẹ́. Ẹ dárí jì mí."

Màmá Perfecta ń fi ìka tọ ara ọ̀rọ̀ tí wọ́n gbẹ́ náà, lẹ́tà kan lẹ́yìn òmíràn. "Ẹ̀gbọ́n mi ló gbẹ́ ẹ," ó wí fún ẹnikẹ́ni tó bá fẹ́ gbọ́. "Ọmọ ọdún mọ́kànlá ni."

Lẹ́yìn náà ó tún wò mí. "Òkúta tí mo fi rán ẹ ńkọ́?"

"Ó wà nílé, Màmá."

"Níbo nílé?"

"Lórí tábìlì mi."

"Kí ló ń ṣe níbẹ̀?"

"Mo fi ń tẹ ìwé mọ́lẹ̀, kí afẹ́fẹ́ má bàa gbé e lọ."

"Ìwé wo?"

Mi ò lè dá a lóhùn. Ó dúró dè mí, ó fún mi láyè dáadáa, bí ènìyàn ṣe ń dúró de ọmọdé. Nígbà tó rí i pé mi ò ní sọ nǹkan kan, ó yíjú kúrò lára mi. Kò wò mí mọ́ lọ́jọ́ náà.

Ẹ jẹ́ kí n sọ ìyókù, torí òun ló kó mi nírìíra jù lẹ́yìn tèmi. Ọkùnrin kan nínú èrò gbé kámẹ́rà sókè, ó ní kí Màmá gbé àgbélébùú náà ga díẹ̀. Òmíràn bi Floyd pé èló ni wọ́n máa tà á. Floyd fúnra rẹ̀ ń kígbe pé, "Ẹ má lọ o, ẹran ṣì pọ̀!" Àwọn èèyàn mi nìyẹn. Èmi ni mo fi ìtàn bọ́ wọn yó bẹ́ẹ̀.

Àwọn ará La Jara ò dá ẹnikẹ́ni lóhùn. Wọ́n ri àgbélébùú náà mọ́lẹ̀. Wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í gbé òkúta wọn kalẹ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan, pẹ̀lú àdúrà lọ́kọ̀ọ̀kan, lórí pátákó idẹ náà gan-an, títí orúkọ Tansill fi bò mọ́lẹ̀.

Hester bá wọn lọ nínú ọkọ̀ akẹ́rù. Láti ibẹ̀ ló gba ilé ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ní Kansas lọ. Kò tíì dé.

Ilé ìtẹ̀wé jáwọ́ nínú ìwé náà. Ṣùgbọ́n kò pé ọ̀sẹ̀ kan tí tẹligíráàmù olóòtú mi fi dé: ÌTÌJÚ YẸN Á TÀ. KỌ Ọ́ KÍÁKÍÁ. FI FỌ́TÒ ÌYÁ NÁÀ RÁNṢẸ́. Mo kà á tán, ẹ sì gbọ́ èyí: ọwọ́ mi na lọ síbi ẹ̀rọ táípù kí n tó mọ̀. Mo dìde, mo fa ìwé olóòtú náà ya.

Ìwé ìròyìn yìí ni mo fún ní ìtàn náà, lọ́fẹ̀ẹ́, láìsí fọ́tò. Mo kọ ọ́ ní gbangba pé ọ̀dàlẹ̀ ni Casimiro Luján. Wọ́n ní ẹni tó bá dalẹ̀ á bálẹ̀ lọ. Ẹ wá wo ẹni tí òwe náà ń bá wí.

Nǹkan kan ló kù tí mo fẹ́ tọrọ. Bí ọ̀kan nínú àwọn òkúta ibẹ̀ bá wà nílé yín, lórí tábìlì, lórí fèrèsé, kì í ṣe ti Tansill. Àdúrà tí ẹnì kan gbà fún òkú ni ẹ jí kó. Ẹ dá a padà.

Èmi dá tèmi padà. Mo kọ́kọ́ gbé e lọ sí La Jara, mo rò pé Màmá Perfecta ló yẹ kí n gbé e fún. Ẹnu ọ̀nà ló ti dá mi dúró, nínú oòrùn.

"Kì í ṣe èmi ni mo fi rán ẹ sí," ó wí. "Gbé e lọ síbi tí mo rán ẹ."

Mo gbọ́ òórùn kọfí nínú ilé. Kò fi lọ̀ mí.

Ọdún kẹta rèé tí mò ń lọ síbẹ̀ ní ọjọ́ kẹtàlá oṣù kẹfà pẹ̀lú òkúta kan. Floyd ti tú wáyà rẹ̀, ó ti rí ìgárá mìíràn tà. Àwọn ará La Jara máa ń wá, Màmá Perfecta lórí àga rẹ̀. Bí wọ́n bá rí ọkọ̀ mi, wọ́n á dúró sápá kan, wọn ò ní bú mi, wọn ò ní kí mi. Màá gbé òkúta mi kalẹ̀, màá dárúkọ bàbá náà, màá gba ìwọ̀nba àdúrà tí mo mọ̀. Wọ́n á dúró títí màá fi wọ ọkọ̀ tí màá sì lọ, kí wọ́n tó bẹ̀rẹ̀ tiwọn.